Bàtà Ẹsẹ̀ Òsì

Mo mọ bí omi náà ṣe tutù tó.
Mo mọ̀ pé àtùpà tó wà lórí pẹpẹ wa ní Gbódòfọ́n
ní ìlà èéfín mẹ́ta lára gíláàsì rẹ̀,
pé ìlà àárín ló gùn jù.
Ẹ bi mí léèrè oṣù wo ni, mi ò mọ̀.
Ẹ bi mí léèrè aṣọ tí ìyá mi wọ̀, mi ò mọ̀.
Ẹ̀rù dà bí iná tọ́ọ̀ṣì lọ́wọ́ ọdẹ:
ibi tó bá tàn sí, wàá ka irun ara ẹmọ́ ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan,
igbó yòókù di òkùnkùn biribiri.

Ọmọ ọdún mẹ́fà ni mí lóru tí Ọ̀ṣun wọlé wa láìkanlẹ̀kùn.
Bàbá mi gbé mi kọ́ èjìká.
Ohun tí mo ti ń sọ fún ayé láti ọdún méjìlélógójì nìyẹn.
Mo sọ ọ́ fún ìyàwó mi kó tó di ìyàwó.
Mo sọ ọ́ lọ́jọ́ kẹjọ ikú bàbá mi, níwájú àwọn áfáà,
ohùn mi sì gé.
Mo ṣì ń gbóòórùn gíríìsì lọ́rùn rẹ̀.
Mo ṣì ń gbọ́ ọ tó ń wí pé, “Dì mí mú, má wo ilẹ̀.”

Lọ́dún tó kọjá, lójúde Múníràtù ẹ̀gbọ́n mi ní Òkè-Baálẹ̀,
a ń jẹ gúgúrú, ó ṣàdédé ní,
“Àkànmú, bàbá ò sí nílé lóru ọjọ́ yẹn.
Ìkìrun ló sùn.
Ráímì tó ń tún kẹ̀kẹ́ ṣe ló gbé ẹ.”
Mo bínú. Mo ní, ṣebí ọmọdé ni ìwọ náà nígbà náà?
Ó ní òun mọ̀, torí pé ojú ọ̀nà Ìkìrun ni òun ń wò títí ilẹ̀ fi mọ́,
òun ń bú bàbá nínú ọkàn òun,
àti pé títí dòní, bí òjò bá ti ṣú, èébú náà á tún bẹ̀rẹ̀.
Ẹ̀rù ló kọ tèmi sílẹ̀, ìbínú ló kọ tirẹ̀.
Òru kan ṣoṣo, ó bí ìbejì tí kò jọra.

Ṣùgbọ́n akọ̀wé kóòtù ni bàbá mi.
Pépà àti tàdáwà ló máa ń rùn lára rẹ̀.
Gíríìsì ta ni mo wá ń gbóòórùn láti ọjọ́ yìí?
Ó jọ pé ọmọ tí ẹ̀rù ń bà
mú ojú tó fẹ́ jù láyé,
ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ orí ẹni tó gbé e,
ó wá gbàgbé láti pààrọ̀ òórùn.

Mo wá Ráímì lọ. Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ṣì wà nítòsí Rélùwéè,
kẹ̀kẹ́ kan ló kù níbẹ̀, kò ní táyà.
Mo ní, “Bàbá, ẹ̀yin lẹ gbé mi la omi kọjá.”
Ó wò mí títí.
“Ọmọ kẹ̀? N ò rántí ọmọ kankan o.
Bàtà mi ni mo rántí. Bàtà awọ tuntun,
mo rà á torí Iléyá, n ò tíì san gbèsè rẹ̀ tán.
Omi gba tẹsẹ̀ òsì lọ lẹ́yìnkùlé Láníhùn.
Ó ń léfòó lọ báyìí, báyìí.”
Ó fi àtẹ́lẹwọ́ ṣe bó ṣe ń léfòó.
Mo dúpẹ́. Ó ní kí ni mo ń dúpẹ́ fún.

Nígbà tí mo ń padà, mo dúró lórí afárá.
Odò ti fà, ó pọ́n, àwọn ọmọkùnrin kan ń fọ ọ̀kadà létí rẹ̀.
Mo dijú.
Mo rò pé ojú Ráímì ni màá rí, níwọ̀n ìgbà tí òótọ́ ti dé.
Bàbá mi ló tún gbé mi, bó ṣe máa ń gbé mi,
gíríìsì ń rùn lọ́rùn rẹ̀,
“Dì mí mú, má wo ilẹ̀.”
Mo wolẹ̀, fún ìgbà àkọ́kọ́:
ẹsẹ̀ kan nínú bàtà,
ẹsẹ̀ kan lásán nínú omi tútù.