Ohùn Ìṣubú

Ọdún tí fíìmù kọ́ ọ̀rọ̀ sísọ ní Los Angeles,
wọ́n fi kúbùsù bo ògiri ilé pákó wa yí ká
kí ariwo ọkọ̀ òde má baà wọlé.
Wọ́n ní kí gbogbo wa dákẹ́, a dákẹ́.
Ooru ń sè wá bí ẹ̀wà nínú ìkòkò ọlọ́mọrí.

Lemuel Voss wà lórí àkàbà, òun àti garawa ọ̀dà funfun.
Ogún ọdún ló ti ń fi ìṣubú jẹun:
ó ti já látorí ẹṣin, látẹ̀yìn ọkọ̀ panápaná,
láti ojú fèrèsé òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì,
kò sẹ́ni tó gbọ́ ọ rí.

"Ó yá, ṣubú."
Àkàbà yẹ̀, garawa fò, ọ̀dà dà yàà,
Lemuel délẹ̀.
Wọ́n ní ọmọdé ṣubú, ó wo iwájú;
àgbà ṣubú, ó wo ẹ̀yìn.
Lemuel ṣubú, ó wo gbohùngbohùn.

Tọ́.
Ohun tí ẹ̀rọ gbọ́ kò jù bẹ́ẹ̀ lọ.
Ọkùnrin tó wúwo tó àpò sìmẹ́ńtì méjì,
ó dún bí ọsàn kan tó já sórí koríko.
Lẹ́yìn náà, jẹ́jẹ́: "Yéè, ìhà mi."
Olùdarí mirí. "Ìyẹn ò pani lẹ́rìn-ín. Ẹ yọ ọ́."

Ni wọ́n bá pè mí, èmi Idella,
èmi àti tábìlì mi: kábéèjì mẹ́rin, awọ tútù,
fèrè ọmọdé, agolo tí mo rọ ìṣó kún.
Mo gbá kábéèjì mọ́ pákó: gbàmù!
Mo mi agolo: wọ̀rọ̀wọ̀rọ̀wọ̀rọ̀!
Ibi tí egungun ìhà rẹ̀ ti sán, mo fọn fèrè sí i: fíìì.
Lemuel wá ṣubú bó ṣe yẹ kó ṣubú.

Alẹ́ Sátidé, owó ò sí lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni,
ilé iṣẹ́ ń tilẹ̀kùn lọ́kọ̀ọ̀kan,
síbẹ̀ wọ́n kún ilé sinimá, wọ́n rẹ́rìn-ín títí àga fi ń ké.
Ẹni tó wà níwájú mi bọ́ fìlà, ó fi nu ojú.
Lemuel jókòó tì mí, báńdéèjì lábẹ́ ẹ̀wù,
kò gbọdọ̀ rẹ́rìn-ín, dókítà kọ̀ ọ́ fún un.
Nígbà tí gbàmù mi dé, ó fọwọ́ tọ́ mi:
"Ìyẹn mà dùn o. Èmi nìyẹn?"

Mo ní òun ni.
Kábéèjì yẹn ńkọ́?
Ọjọ́ Ẹtì la ti sè é jẹ.