Òǹtẹ̀ Lórí Àgbọ̀n Bàbá Àgbà

Ẹgbẹ̀rún méjìdínláàádọ́ta owó Táíwàn.
Ìyáàfin Tseng kọ ọ́ sórí ìwé, ó fi bíírò yí i ká,
ó wá rọra tì í sí wa bí ẹni ti àwo ọbẹ̀ sí àlejò.
"Kí ìgbéyàwó tó dé, ọjọ́ kan péré," ó ní, "aṣọ mẹ́rin, ibi mẹ́ta,
ọgbọ̀n àwòrán nínú ìwé aláwọ funfun.
Èyí tó bá lé lórí ọgbọ̀n, ẹ ó san owó rẹ̀ lọ́tọ̀."
Lẹ́yìn rẹ̀, wọ́n kun ààfin òyìnbó kan sára pákó.
Mo rí ìṣó tó mú ilé ọba mọ́ ògiri.
Yìnyín wà níbẹ̀ pẹ̀lú, bí a bá fẹ́ yìnyín:
ọṣẹ ni wọ́n ń hó, ẹ̀rọ á máa fẹ́ ẹ síni lórí.

Ó ku oṣù márùn-ún.
A kò tíì ra ẹ̀rọ amómigbóná.
Chih-yao ń tún ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ apẹja ṣe ní èbúté Keelung,
èmi ń ta oògùn ní ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n mi;
owó wa kì í ṣe owó tí à ń fi ọwọ́ òsì kà.

Lórí alùpùpù, nínú òjò
(òjò Keelung kì í bi èèyàn bóyá ó ti ṣetán),
ó kígbe sẹ́yìn sí mi láti inú akoto:
"Ojú rẹ tí mò ń rí láràárọ̀,
kí ni mo tún fẹ́ fowó rà nínú rẹ̀?
Ṣé ẹni tó ní kànga ń ra omi inú ike?"
Mo rẹ́rìn-ín. Ó tọ̀nà.
Mo dákẹ́ títí a fi délé. Kò tọ̀nà.

Nítorí nílé A-má, lórí pẹpẹ, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọsàn àti tùràrí,
bàbá bàbá mi ń wò wá láti inú férémù.
Àwòrán kan ṣoṣo ló yà láyé rẹ̀,
ti ìwé àṣẹ apẹja, kò tóbi ju èékánná àtàǹpàkò lọ,
ìjọba sì ti lu òǹtẹ̀ pupa lé e.
Nígbà tí òkun dá ọkọ̀ padà tí kò dá òun padà,
wọ́n gbé e lọ kí wọ́n sọ ọ́ di ńlá.
Ojú ń tóbi, òǹtẹ̀ ń tóbi.
Láti ìgbà náà ni ìlàjì òṣùpá pupa ti jókòó sí àgbọ̀n rẹ̀,
bíi pé òkun buwọ́ lù ú kó tó gbà á.

A-má kò ní àwòrán ìgbéyàwó.
"Aṣọ tí mo wọ̀, mo yá a lọ́wọ́ aládùúgbò," ó ní lálẹ́ ọjọ́ náà.
Ó ń bó ẹ̀pà, kò wojú wa.
"Ṣùgbọ́n ó rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà. Eyín rẹ̀ kan gun èkejì.
Èmi nìkan ló kù tó mọ̀ bẹ́ẹ̀.
Bí mo bá lọ, ẹ̀rín náà wọlẹ̀ nìyẹn."
Ó bó ẹ̀pà mìíràn. Ó ti bàjẹ́. Ó jù ú nù.

Wọ́n ní ojú lọ̀rọ̀ wà.
Bí kò bá wá sí ojú ńkọ́, níbo lọ̀rọ̀ yóò sùn?

Chih-yao kò fèsì.
Ó dìde, ó lọ dúró níwájú pẹpẹ,
ó fi àtàǹpàkò bo òǹtẹ̀ náà lórí dígí,
ó sì wo ohun tó kù, ó pẹ́.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó pe Ìyáàfin Tseng.
"Wákàtí mẹ́ta. Aṣọ kan. A ò fẹ́ ààfin, a ò fẹ́ yìnyín ọṣẹ."
Wọ́n nájà, wọ́n nájà, ó di ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlógún.
"Níbo wá ni?" obìnrin náà bi í.
"Ní èbúté, níbi tí wọ́n ti ń da áìsì sínú ọkọ̀."
"Òjò á rọ̀ o."
"Kó rọ̀."

Mo jókòó báyìí, mò ń ṣírò:
omi inú kẹ́tùlù la ó máa wẹ̀ títí di àjọ̀dún òṣùpá.
Ọkàn mi kan ṣì ń sọ pé afẹ́ la náwó fún.
Ọkàn kejì ti ń ro ibi tí A-má yóò dúró,
àti ọgbọ́n tí a ó fi mú un rẹ́rìn-ín
kó tó rántí pé kò léyìn mọ́ lẹ́nu.