Màlúù Kò Ní Ẹlẹ́rìí

Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni Timoféì
nígbà tí ìyá rẹ̀ fà á lé ìyá àgbà lọ́wọ́
ní abúlé kan ní Fólógdà, níbi tí yìnyín ti ń bo ọgbà títí di oṣù kẹrin.
Báàgì kan, bàtà òtútù kan,
àti ẹnu Mọ́sìkò.

Ẹnu Mọ́sìkò kì í fún gbogbo fáwẹ̀lì ní àga.
Ọ̀kan ṣoṣo ni wọ́n ń tẹnu mọ́ nínú ọ̀rọ̀ kan,
òun ló ń jẹ, òun ló ń yó,
àwọn yòókù a fara ti ògiri.
«O» tó bá pàdánù àtẹnumọ́ a yanu, a di «a»;
èyí tó bá tún jìnnà sí i
a rẹ̀ sílẹ̀ bí iná àbẹ́là,
o kò ní mọ̀ bóyá ó sọ̀rọ̀ ni tàbí ó mí lásán.
«Moloko» ni wàrà, «o» mẹ́ta ló gbéra nínú ìwé;
tó bá fi dé ọjà Mọ́sìkò,
ọ̀kan péré ló délé.

(Ẹ má rẹ́rìn-ín. Àwa náà ń pa fáwẹ̀lì jẹ.
Ẹ bi «káàárọ̀» ibi tó fi «ú» rẹ̀ sí.)

Àwọn igbó ń jẹ́ «lesá», kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ ń jẹ́ «lisá»,
ṣùgbọ́n létí Timoféì, ọ̀kan náà ni:
kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ ti gbé igbó mì.

Olùkọ́ Zinaída Pafnútyevna ń pe ọ̀rọ̀, wọ́n ń kọ ọ́.
Timoféì kọ «karova» fún màlúù.
Íńkì pupa.
“Wá ẹbí ọ̀rọ̀ náà,” olùkọ́ wí,
“èyí tí àtẹnumọ́ bà lé lórí.
«Vodá» ni omi. Ṣé «o» ni àbí «a»?
Sọ ọ́ di púpọ̀: «vódy».
Ẹ wò ó, ó ti jáde níbi tó sá sí.”
Òkè rí bẹ́ẹ̀, fèrèsé rí bẹ́ẹ̀.
Ṣùgbọ́n màlúù kò ní ẹbí tó lè jẹ́rìí sí i.
“Ìyẹn, ẹ há a sórí ni.”

Ó sunkún délé.
Gláfírà Yegórovna ń fún wàrà lọ́wọ́,
iwájú orí rẹ̀ lẹ̀ mọ́ ìhà ẹran náà.
Kíláàsì kẹrin ló ti fi ilé ìwé sílẹ̀.
“Kí lo kọ?”
Ọmọ sọ ohun tó kọ.
Ìyá àgbà rẹ́rìn-ín títí ọmú fi bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀,
ó wá pe màlúù lórúkọ: «Ko-ro-va»,
«o» méjèèjì rogodo bí ẹyin abẹ́ adìyẹ,
kò sí èyí tó sán.
“Kọ ọ́ bí mo ṣe ń pè é.”

Kò wá ẹbí ọ̀rọ̀ kankan mọ́.
Nígbà tí yìnyín fi yọ́, íńkì pupa ti gbẹ nínú ìwé rẹ̀.

Ohun tí kò mọ̀ ni pé
ìyá rẹ̀ gbé ẹnu yìí kan náà lọ sí Mọ́sìkò lọ́mọ ọdún mẹ́tàdínlógún.
Àwọn ọmọbìnrin ilé iṣẹ́ òwú a ní, “Tún pe wàrà ká gbọ́,”
wọn a ṣubú sórí bẹ́ẹ̀dì fún ẹ̀rín.
Láàárín oṣù mẹ́ta, ó ti fi ayùn rẹ́ gbogbo «o» rẹ̀ pẹlẹbẹ.

Ní Sátidé kan ó tẹ̀ wọ́n láago.
“Ṣé ò ń jẹun?” Ẹnu Mọ́sìkò ni.
Ìyá àgbà gba fóònù:
màlúù ti bí, akọ ni,
ọmọ gba márùn-ún nínú márùn-ún.
Ìlà fóònù dákẹ́.
Lẹ́yìn náà ni ìyá bèèrè bóyá òun lè wá sílé,
«domój»,
Timoféì tó fi etí ti fóònù sì gbọ́ «o» náà,
tẹ́nìkan ò tẹnu mọ́,
tó dá dúró gbọnyin.

Ìyá àgbà kò sọ nǹkan kan.
Ó kàn gbé fóònù sí etí kejì.