Àwọ̀ Omi Kànga Wa

Bàbá àgbà mi, Sáádù onílàńtànà,
a máa fi ọjọ́ mẹ́ta jókòó ti òkúta kan,
a bomi sórí ọlọ, a lọ̀ ọ́, a tún un lọ̀,
títí pupa inú rẹ̀ yóò fi yọjú
bí oòrùn ìrọ̀lẹ́ lẹ́yìn òkè Sóbì.
Èékánná rẹ̀ jẹ tán. Kò ráhùn.

Èmi náà ń wá pupa.
Wúrà ni mo fi ń wá a.
Wúrà etí ìyàwó dà bí ìyeyè tó já sílẹ̀,
ṣùgbọ́n tèmi, inú omi gbígbóná ni mo ti sè é,
mo kán oje ọsàn wẹ́wẹ́ sí i,
omi náà ṣú bí ẹni tí inú ń bí,
lẹ́yìn náà ó pọ́n, ó pọ́n bíi sóbò.
Bí ẹ bá to ẹgbẹ̀rún hóró rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn,
wọn ò ní fẹ̀ tó fọ́nrán irun orí kan.

Wọn kì í fara kan ara wọn.
Olúkúlùkù takété nínú ẹ̀wù tirẹ̀,
bí a ṣe kírun lọ́dún tí àrùn gba ayé,
tí àlàfo wà láàárín ẹni àti ẹni.
Àlàfo yẹn ló ń jẹ́ pupa.
Àmọ́ bí òjé bá yọ́ wọlé,
èjìká a kan èjìká, wọn a dì gbàgì,
pupa a sì di aró.
Kò gba iná mànàmáná.
Ẹni tó bá lójú ti rí i.

Lọ́jọ́ Sátidé, mo to ife márùn-ún sórí bẹ́ǹṣì ìyá mi
ní Òkèlélé. Kànga ilé amọ̀kòkò: pupa.
Kànga mọ́ṣáláṣí: pupa.
Ti ìdí máńgòrò, ti Ìyá Ṣéfíù, pupa, pupa.
Tiwa ló kẹ́yìn.
Mo ní n ó kà dé mẹ́wàá.
Mo ka mẹ́rin, ó di ẹlẹ́sẹ̀-àlùkò.
Mo ka méje. Ẹ̀tù.

Ìyá mi ní: "Omi tó mọ́ báyìí?
Omi tí a fi ń ṣàlùwàlá?"
Ó wo Jímọ̀, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi,
tó pé ọmọ ọdún mẹ́rin, tí kò tíì lè pe orúkọ ara rẹ̀.
Ó wò mí. Kò tún sọ̀rọ̀ mọ́.

Lẹ́yìn ògiri wa ni Bùràímọ̀ ti ń fọ́ bátìrì ògbólógbòó,
ó ń yọ́ òjé inú rẹ̀ tà.
Òun ló san owó wáẹ́ẹ̀kì mi.
Òun ló ra bàtà tí mo wọ wọ yunifásítì.
Ìwé tí mo kà tí mo fi mọ òjé,
òjé ló san owó rẹ̀.

Mo gbé ife méjì lọ bá a,
pupa lọ́wọ́ ọ̀tún, aró lọ́wọ́ òsì.
Gbogbo ọ̀rọ̀ tí mo kó sẹ́nu dànù lójú ọ̀nà.
Ó fi ọwọ́ dúdú rẹ̀ gba ti òsì,
ó gbé e sókè síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà, ó pẹ́ níbẹ̀.
"Bí a bá da pupa lé e, ṣé kò ní padà?"
"Kò ní padà, ẹ̀gbọ́n."

Ó wọ agbo ilé wa láìkí ẹnikẹ́ni,
ó fa ọ̀bẹ yọ, ó gé okùn dọ́rọ̀,
dọ́rọ̀ já bọ́ sínú kànga. Gbòmù.

Lóru ọjọ́ náà mo tún gbọ́ òòlù lẹ́yìn ògiri.
Mo bẹ̀rẹ̀ sí í kà.
Ó dákẹ́ kí n tó dé méje.
Mi ò mọ̀ bóyá oorun ló mú un
ni, tàbí ó jókòó sínú òkùnkùn bíi tèmi,
tí ó ń ka nǹkan.