Ìlà Iyanrìn

Ilé oníyàrá mẹ́jọ ni, lẹ́yìn Tákìé ní Ògbómọ̀ṣọ́,
ilẹ̀kùn kọjú sí ilẹ̀kùn,
a ò kí ara wa.
Owó iná ló dá a sílẹ̀,
ẹgbẹ̀rún méjì àbọ̀
tí Ọláníhún ní òun ò ní san,
pé gílóòbù kan ṣoṣo lòun ń tàn.
Mo sọ̀rọ̀. Ó sọ̀rọ̀.
Tèmi ló korò jù.

Láti ìgbà náà, bí mo bá ń gbá ọ̀dẹ̀dẹ̀,
ìgbálẹ̀ mi a dúró níbi tí ẹnu-ọ̀nà rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀.
Tirẹ̀ náà a dúró níbi tèmi.
Iyanrìn ti fa ìlà sáàárín wa.

Ògiri ò bá wa jà ní tirẹ̀.
Mo mọ ikọ́ rẹ̀: ẹ̀ẹ̀mẹta kó tó sùn,
lẹ́yìn náà ni rédíò á kú.
Lóru ọyẹ́ àná, rédíò ń sọ̀rọ̀ ṣáá,
ikọ́ ò wá.
Mo jáde láìwọ bàtà,
mo na ìka sí ilẹ̀kùn rẹ̀.
Ó wúkọ́.
Ẹ̀ẹ̀kan.
Mo rọra padà.

Láàárọ̀, kò kí mi, n ò kí i.
Ṣùgbọ́n ojú ẹsẹ̀ mi wà lórí ìlà náà,
ìka márààrún.
Ó bẹ̀rẹ̀, ó wò ó,
ó gbá yí i ká.