Lẹ́yìn Tí Rélùwéè Ti Kọjá

Ẹ̀gbọ́n mi Tanímọ̀la kò kọrin rí,
kò sì lu nǹkan kan tí ẹsẹ̀ lè jó sí.
Kásẹ́ẹ̀tì mẹ́tàdínlógójì ló wà nínú àpótí lábẹ́ ibùsùn rẹ̀
nígbà tí a wá kó ẹrù òkú.
Ó fi báírò pupa kọ orúkọ sí wọn lára:
Òjò Ìtòkò kó tó rọ̀.
Aró ìyá mi, ọjọ́ kẹta.
Afárá Láfẹ́nwá lẹ́yìn tí rélùwéè ti kọjá.

Lẹ́yìn, mo ní. Kì í ṣe rélùwéè.
"Ta ni kò tíì gbọ́ ìyẹn?" ló máa ń wí.
Bí irin ṣe ń mí ló ń wá
nígbà tí ẹrù bá sọ̀ ní èjìká rẹ̀,
hùùùn, tẹ́ẹ́rẹ́, tó ń lọ, tó ń lọ,
bí àgbàlagbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rí àga jókòó.
Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí, èmi ni mo ń bá a tan tọ́ọ̀ṣì.
Etí odò Ògùn tutù. Mo sín.
Ó wò mí.
Kò pa á rẹ́.

Màmá wa ń rẹ aró ní Kẹ́mta,
ọwọ́ rẹ̀ dúdú dé ìgbọ̀nwọ́.
Tanímọ̀la fi rọ́bà wé máìkì, ó rì í sínú ìkòkò,
ó dùbúlẹ̀ tì í láti ìrọ̀lẹ́ títí àkùkọ fi kọ.
Aró ń hó láìsí iná lábẹ́:
pọ̀. Ó dákẹ́. Pọ̀-pọ̀. Ó tún dákẹ́.
"Èwo ni orin níbẹ̀?" ni Màmá bi í.
"Èyí tó dákẹ́ yẹn ni."
Màmá gbàdúrà fún un lọ́jọ́ náà, àdúrà gígùn.

Lọ́dún tí bẹntiróòlù wọ́n, ó gba gbọ̀ngàn kan ní Ìjẹjà.
Ọgọ́ta àga. Àpótí ohùn mẹ́rin, ọ̀kan ní igun kọ̀ọ̀kan.
Ó pa iná.
Lẹ́yìn ogún ìṣẹ́jú, alága dìde,
ó fi ọ̀wọ̀ bèèrè ìgbà tí a ó bẹ̀rẹ̀.
A ti fẹ́ẹ̀ẹ́ parí.
Èèyàn mẹ́ta ló kù níkẹyìn: èmi, ẹni tó ni kọ́kọ́rọ́ gbọ̀ngàn,
àti Bàbá Ṣógbèyìn tó ń fọ́ òkúta nígbà èwe rẹ̀,
tí àdó olóró ti jẹ etí rẹ̀ méjèèjì.
Ó gbé àtẹ́lẹwọ́ lé àpótí ohùn, ó di ojú.
"Ìsàlẹ̀ yìí dára," ló wí. "Òkè ni mi ò mọ̀."

Lẹ́tà dé láti Jámánì. Wọ́n tẹ ọ̀ọ́dúnrún àwo,
wọ́n fi ọkọ̀ òfuurufú gbé e lọ kó lọ dákẹ́ fún wọn,
wọ́n sì sanwó. Màmá ka owó náà lẹ́ẹ̀mejì, kò sọ nǹkan kan.
Ẹnìkan níbẹ̀ kọ̀wé pé ẹyẹ odò kan ké nínú àwo náà,
ké lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, pé ọkàn òun gbọgbẹ́.
Èmi ni ẹyẹ náà.
Àmọ́ wọ́n tẹ orúkọ rẹ̀ láìsí àmì ohùn kankan lórí rẹ̀,
ọkùnrin tó fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ wá ohùn kiri.

Nígbà tó darí dé, firíìjì ló ń tún ṣe ní Ìbarà.
Èyí tó bá ń kùn dáadáa, kì í tètè dá a padà;
àwọn oníbàárà pariwo, ẹja wọn bàjẹ́,
ó gba ariwo àwọn náà sílẹ̀.

Rélùwéè kì í sábà gba ibẹ̀ mọ́.
Mo lọ lánàá, lẹ́yìn ìsìnkú, mo mú tọ́ọ̀ṣì dání,
mo dúró sí ibi tí mo máa ń dúró sí.
Ohunkóhun kò kọjá.
Lẹ́yìn rẹ̀ ni mo gbọ́.
Afẹ́fẹ́ odò kọlu imú mi,
mo fi ìka méjì dì í mú.