Oògùn Reino

Ìyá bàbá mi, Tuulikki, wa ọkọ̀ ojú irin fún ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n
láti Oulu dé Kemi, láti Kemi padà.
Kò tòògbé lẹ́nu iṣẹ́ rí.
Ìkookò inú géèmù ló wá ń pa á bí ẹni pa eṣinṣin,
ẹ̀ẹ̀mẹta lálẹ́ Ọjọ́bọ̀ kan ṣoṣo.

Èmi wà ní Vaasa, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án,
mo de gbohùngbohùn métí, mò ń pariwo:
"Ìyá àgbà, ọwọ́ òsì! Ọwọ́ òsì!"
Òun náà ń pariwo padà:
ọwọ́ òsì wo, ṣé ibi tí ilé-ìtajà ti ń pe òun
wá ra bàtà yìnyín ni?

Bẹ́ẹ̀ ni o. Igun tí ẹranko ń gbà yọ
gan-an ni àwọn ìránṣẹ́ yẹn ń já sí.
Báńkì ní òun fẹ́ràn rẹ̀.
Dókítà eyín ní ó di ọjọ́ kẹrìnlá.
Ojú ọjọ́ ní yìnyín ń bọ̀,
àfi bí ẹni pé fèrèsé kò sí nílé rẹ̀.
Àwọn aládùúgbò ń bára wọn jà lórí ṣọ́bìrì kan
tí ẹnìkan mú lẹ́nu ọ̀nà tí kò dá padà,
ọ̀rọ̀ mọ́kàndínlógún, ọ̀kan ń gun ọ̀kan lẹ́yìn.
Tin-in. Tin-in.
Ìkookò ti gbé e mì.

"Ojú méjì péré ni Ọlọ́run fún mi, Eeli,
ẹ wá fẹ́ kí n fi wo ọjà, kí n fi wo ẹjọ́,
kí n tún fi wo ikú."

Mo ní kó tẹ àwòrán kékeré tó rí bí jíà.
"Mo mọ jíà," ó ní. "Má kọ́ mi ní jíà."
A bẹ̀rẹ̀ sí í pa wọ́n lẹ́nu mọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan.
Ilé-ìtajà dákẹ́. Ìfẹ́ báńkì di ọ̀la.
Ní ti ṣọ́bìrì, ó kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín ná,
ó ní òun gan-an lòun mú un.
Mo ń gbọ́ bí yàrá rẹ̀ ṣe ń fẹ̀ sí i,
mo gbọ́ àga tó ń dún, mo gbọ́ èémí rẹ̀,
èyí tí n kò gbọ́ rí láti ọjọ́ tí a ti ń ṣeré.

Ó ku ẹyọ kan nísàlẹ̀.
Mo ní kó kà á fún mi. Kò kà á.
"Ìyá àgbà, ṣé ó ti há ni?"
"Oògùn Reino," ó ní. "Aago mẹ́jọ."

Bàbá àgbà ti lo ọdún méjì nínú ilẹ̀ nígbà yẹn.
Oògùn ọkàn, hóró méjì, omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́.
Lálaalẹ́ tó bá ti dún, ìyá àgbà á tẹ̀ ẹ́ pé ó ti lò ó,
kí ẹ̀rọ má baà máa bínú.

Ọmọdé ni mí, n kò mọ ohun tí ẹnu ń sọ nírú ìgbà bẹ́ẹ̀.
Mo ní, "Ìkookò kì í wá ní aago mẹ́jọ."
Irọ́ ni. Kò sígbà tí kì í wá.
Ó ní, "Á jẹ́ pé ká fi í sílẹ̀ nìyẹn."

A padà sídìí eré. Afárá onígi, odò tó dì gbagidi.
Ó ń rìn níwájú mi, idà lọ́wọ́.
Ó pa ọ̀kan. Ó pa èkejì, ó sì bú u
ní èébú àwọn òṣìṣẹ́ ojú irin
tí bàbá mi ní n kò gbọdọ̀ tún sọ láé.
Ẹ̀kẹta ń bọ̀, ó tóbi,
a jọ rí i kedere, kò sí ohun tó bò ó,
nígbà tí aago lù.

Kò fọwọ́ kan nǹkan kan.
Èmi náà gbé ọwọ́ mi kúrò.
Ìkookò ṣe ohun tí ìkookò ń ṣe.

"Ó ti lò ó," ni mo gbọ́ tó sọ, jẹ́jẹ́,
bí ẹni ń ti ilẹ̀kùn yàrá ọmọ tó sùn.
Lẹ́yìn náà: "Ó yá, Eeli.
Láti ìbẹ̀rẹ̀ afárá."